Wọ́n Fẹ́ Ra Kíndìnrín Mi: Ṣé Kí N Tà Á?

ÌBÉÈRÈ

Ẹ̀yin àgbà amòfin, ọmọ Mákùn ní Ṣágámù ni mí, ọmọ ọdún 24 sì ni mí. Ọ̀kadà ni mo ń gùn. Ìyá mi ń ta aṣọ lọ́jà. Lọ́dún tó kọjá, wọ́n yá owó gbómúlé-lántà, ọjà náà kò sì lọ bí wọ́n ṣe rò. Èlé ń gorí èlé. Àwọn agbowó máa ń wá jókòó síwájú ilé wa láti àárọ̀ kùtù, wọ́n á máa pariwo orúkọ ìyá mi kí gbogbo àdúgbò lè gbọ́.

Oníbàárà mi kan ló sọ fún mi pé òun mọ olówó kan l'Ékòó tí kíndìnrín ọmọ rẹ̀ ti bàjẹ́, pé wọ́n ń wá ẹni tó máa fún un ní ọ̀kan. Mílíọ̀nù 2 náírà ni wọ́n ní àwọn máa san, ìlàjì ṣáájú iṣẹ́ abẹ, ìlàjì lẹ́yìn rẹ̀. Ó ní ẹyọ kan ṣoṣo ti tó èèyàn lò títí ayé. Wọ́n ti mú mi lọ gba ẹ̀jẹ̀ yẹ̀ wò, wọ́n sì fún mi ní 50,000 náírà. Ohun tó kù báyìí ni kí n fọwọ́ síwèé pé ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá aláìsàn náà ni mí. Mi ò mọ̀ wọ́n rí.

Ẹ bá mi dáhùn: ṣé ara mi kì í ṣe tèmi ni? Bí mo bá ní ilẹ̀, mo lè tà á. Bí mo bá fẹ́ fi kíndìnrín tọrẹ, wọ́n ní òfin gbà mí láyè. Kí ló wá dé tí n kò lè tà á, nígbà tó jẹ́ kíndìnrín kan náà, iṣẹ́ abẹ kan náà? Ìyá bàbá mi tún ń dẹ́rù bà mí pé ẹni tó bá fi ẹ̀yà ara sílẹ̀ láyé, àbùkù ara ni yóò gbé padà wá bó bá tún ayé wá. Owó tí mo sì ti gbà ńkọ́? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má dárúkọ mi.

Ọmọ Mákùn, Ṣágámù

ÌDÁHÙN

Àbúrò mi, o káre tó o béèrè kó o tó ṣe é. Kí n tó sọ ohunkóhun mìíràn: má fọwọ́ sí ìwé tí wọ́n gbé wá yẹn, má sì bá ọkùnrin náà lọ sí Èkó mọ́. Bí o kò bá ka ìdáhùn yìí kọjá ibí, ìyẹn nìkan tó ọ́ lò. Ṣùgbọ́n ìbéèrè rẹ jinlẹ̀. Kí n kàn sọ pé "òfin kọ̀ ọ́", kí n sì dákẹ́, kò tó fún ọ̀dọ́mọkùnrin tí wọ́n ń fi orúkọ ìyá rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́ ní gbangba. Jẹ́ ká jọ tú u wò.

Ṣé ara rẹ kì í ṣe tìrẹ? Tìrẹ ni o. Dókítà ni o, pásítọ̀ ni o, bàbá tó bí ọ ni o, kò sí èyí tó lè fi abẹ kàn ọ́ láìgba àṣẹ lẹ́nu rẹ, níwọ̀n ìgbà tó o ti dàgbà tí orí rẹ sì pé. Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ní Nàìjíríà ti fìdí èyí múlẹ̀ nínú ẹjọ́ dókítà Okonkwo, tí wọ́n dá lọ́dún 2001. Obìnrin kan tó jẹ́ Ẹlẹ́rìí Jèhófà ló ní òun kò ní gba ẹ̀jẹ̀ ẹlòmíràn sára. Dókítà náà bọ̀wọ̀ fún ìpinnu rẹ̀, obìnrin náà sì kú lọ́dún 1991. Ìgbìmọ̀ tó ń bá àwọn dókítà wí dá dókítà yìí lẹ́bi, wọ́n sì ní kó lọ rọ́kún nílé. Ẹjọ́ ọ̀hún gùn títí ó fi dé iwájú àwọn adájọ́ àgbà, àwọn yẹn sì sọ pé kò jẹ̀bi. Àgbàlagbà tí orí rẹ̀ pé ló láṣẹ lórí ara rẹ̀, ìbáà jẹ́ pé àṣẹ náà ni yóò gbẹ̀mí rẹ̀. N kò mọ bí òfin ṣe tún fẹ́ fún ènìyàn ní ara rẹ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Àmọ́ kéèyàn láṣẹ lórí nǹkan, ọ̀tọ̀ ni. Kí nǹkan náà jẹ́ ọjà, ọ̀tọ̀ ni. Nínú òfin tí a jogún lọ́wọ́ àwọn Gẹ̀ẹ́sì, ara ènìyàn kì í ṣe dúkìá. Wọn kì í fi í dógò, wọn kì í pín in bí ogún, kò sí báńkì tó lè gbẹ́sẹ̀ lé e. Ilẹ̀ tó o fi ṣàpẹẹrẹ, bí o bá jẹ gbèsè, ilé ẹjọ́ lè ní kí wọ́n tà á. Rò ó wò: tí kíndìnrín rẹ bá jẹ́ dúkìá bí ilẹ̀, kí ni ìbá ṣèdíwọ́ fún àwọn agbowó ìyá rẹ láti wá béèrè rẹ̀? Ohun tí o rò pé ó dínà fún ọ yẹn gan-an ló ń dáàbò bò ọ́.

Òfin Ìlera Orílẹ̀-èdè tí Ààrẹ Goodluck Jonathan fọwọ́ sí lọ́dún 2014 ló sọ ọ́ yanjú. Abala 48 rẹ̀ ní ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ yọ ẹ̀yà ara tàbí ẹ̀jẹ̀ lára ẹni tó wà láàyè àfi bí onítọ̀hún bá ti gbọ́ àlàyé yékéyéké tó sì gbà bẹ́ẹ̀ fúnra rẹ̀. Pàjáwìrì nìkan ni wọ́n yọ sílẹ̀. Ẹni tó bá yọ ẹ̀yà ara lọ́nà tó lòdì sí èyí lè san mílíọ̀nù 1 náírà owó ìtanràn, ó lè ṣẹ̀wọ̀n tí kò dín ní ọdún 2, ó sì lè jẹ́ méjèèjì. Ọmọ tí kò tíì pé ọdún 18, wọn kò gbọdọ̀ yọ ohun tí kì í hù padà lára rẹ̀ rárá. Ilé ìwòsàn tí wọ́n fún láṣẹ nìkan ni wọ́n sì ti lè ṣe irú iṣẹ́ abẹ bẹ́ẹ̀. Abala 53 ló wá kàn ọ́ gan-an. Ẹ̀ṣẹ̀ ni fún ẹni tó fi ẹ̀yà ara tàbí ẹ̀jẹ̀ tọrẹ láti gba owó tàbí èrè mìíràn nítorí rẹ̀, yàtọ̀ sí kí wọ́n dá owó tó ná padà fún un, irú bí owó ọkọ̀ àti owó àyẹ̀wò. Ẹ̀ṣẹ̀ náà ni fún ẹnikẹ́ni láti tà á tàbí láti fi ṣòwò. O rí i pé òfin kò yọ ẹni tó tà sílẹ̀.

Òfin tó de fífi ènìyàn ṣòwò, èyí tí wọ́n ṣe lọ́dún 2015, tún le ju ìyẹn lọ. Ẹni tó bá fi ipá, ẹ̀tàn, gbèsè tàbí ìlò agbára mú ènìyàn kí wọ́n lè yọ ẹ̀yà ara rẹ̀, ẹ̀wọ̀n tí kò dín ní ọdún 7 ló ń dúró dè é, pẹ̀lú owó ìtanràn tí kò dín ní mílíọ̀nù 5 náírà. Lójú òfin kejì yìí, ìwọ kọ́ ni ọ̀daràn. Ìwọ ni wọ́n fẹ́ ṣe níkà. Fi èyí sọ́kàn, yóò wúlò nígbà tá a bá dé orí 50,000 tó o gbà.

Ìwé "ọmọ ẹ̀gbọ́n" tí wọ́n fẹ́ kó o fọwọ́ sí ló bà mí lẹ́rù jù lọ, nítorí gbogbo ayé ti rí ibi tí irú rẹ̀ parí sí. Lọ́dún 2022, wọ́n mú ọ̀dọ́mọkùnrin ọmọ ọdún 21 kan, tó ń ta ẹ̀ṣọ́ fóònù nígboro Èkó, lọ sí Lọ́ńdọ̀nù. Ọmọbìnrin Sẹ́nétọ̀ Ike Ekweremadu, ẹni tó ti ṣe igbákejì ààrẹ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin àgbà wa rí, ló ní àrùn kíndìnrín. Wọ́n sọ fún àwọn dókítà ilé ìwòsàn Royal Free pé ìbátan ni ọmọkùnrin yìí àti aláìsàn. Ilé ẹjọ́ gbọ́ pé wọ́n ṣèlérí owó tó tó 7,000 pọ́n-ùn fún un, pẹ̀lú ìlérí pé yóò rí iṣẹ́ ṣe nílẹ̀ òyìnbó. Nígbà tí àwọn dókítà jókòó tì í tí wọ́n bi í léèrè, wọ́n rí i pé kò sí ẹni tó ṣàlàyé ewu ohun tó fẹ́ ṣe fún un, kò sì ní owó tí yóò fi máa tọ́jú ara rẹ̀ lẹ́yìn ọ̀la. Wọ́n ní àwọn kò ṣe é. Ní oṣù karùn-ún ọdún náà, ọmọkùnrin ọ̀hún sá tọ ọlọ́pàá lọ.

Ní oṣù kẹta ọdún 2023, ilé ẹjọ́ Old Bailey dá sẹ́nétọ̀, ìyàwó rẹ̀ Beatrice, àti dókítà Obinna Obeta, tó bá wọn ṣètò ọ̀rọ̀ náà, lẹ́bi. Wọ́n dá ọmọbìnrin náà sílẹ̀. Ní ọjọ́ 5 oṣù karùn-ún, sẹ́nétọ̀ gba ẹ̀wọ̀n ọdún 9 àti oṣù 8, ìyàwó rẹ̀ gba ọdún 4 àti oṣù 6, dókítà gba ọdún 10. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí wọ́n máa fi òfin tí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ṣe lòdì sí ẹrú òde òní dá ènìyàn lẹ́bi lórí ọ̀ràn ẹ̀yà ara. Òfin náà kò sì bìkítà bóyá ọmọkùnrin náà gbà láti bá wọn rìn. Bó gbà, bí kò gbà, ẹjọ́ kan náà ni.

Àánú àwọn òbí yẹn ṣe mí, n kò ní pa á mọ́. Òbí tó ń wo ọmọ rẹ̀ bó ṣe ń rọ lójoojúmọ́ lè ṣe ohun tí kò rò tẹ́lẹ̀. Ṣùgbọ́n ìfẹ́ ọmọ ẹni kò sọ ọmọ ẹlòmíràn di ẹran. Ìyá rẹ náà bí ọ.

Ó wá ku ìbéèrè rẹ tó le jù: kí ló dé tí kíndìnrín kan náà fi jẹ́ oore bí mo bá fi tọrẹ, tó sì di ẹ̀ṣẹ̀ bí mo bá tà á? Ọmọ Ṣágámù ni ọ́, o mọ òwò obì. Àgbẹ̀ tó ká obì lóko kọ́ ló ń dá iye lé e ní Sábó. Ẹni tó lówó lọ́wọ́ tó sì lè dúró ló ń dá a. Àgbẹ̀ tí owó iléèwé ọmọ ń lé kò lè dúró, iye tí wọ́n bá pè ni yóò gbà. Ọjọ́ tí kíndìnrín bá di ọjà, bẹ́ẹ̀ ni yóò rí, ẹni tí ìyà ń jẹ ni yóò máa tà, ẹni tó rí jẹ ni yóò máa rà, alárinà ni yóò máa jèrè. Obì sì tún máa so lọ́dún tó ń bọ̀. Ẹni tó fi kíndìnrín tọrẹ fún àbúrò rẹ̀, ìfẹ́ ló sún un ṣe é. Bí ẹ̀rù bá bà á lọ́la, ó lè sọ pé "mi ò ṣe mọ́", kò sí agbowó tí yóò tìtorí ìyẹn wá jókòó síwájú ilé rẹ̀. Ìwọ ńkọ́? Bí gbèsè yẹn bá kúrò lọ́rùn ìyá rẹ lálẹ́ òní, ṣé wàá ṣì dìde lọ fún ọmọ olówó tí o kò mọ̀ rí ní kíndìnrín rẹ? Bí ìdáhùn rẹ bá jẹ́ rárá, gbèsè ló ń fọwọ́ síwèé yẹn.

Mo tilẹ̀ fẹ́ ká gbà fún wọn díẹ̀, ká ní owó ni gbogbo ọ̀rọ̀. Ṣé owó náà ń yọni nínú gbèsè? Ní ìlú Chennai ní Íńdíà, àwọn olùwádìí wá 305 ènìyàn tó ti ta kíndìnrín wọn kàn, wọ́n sì tẹ ohun tí wọ́n rí jáde lọ́dún 2002. Nínú ọgọ́rùn-ún wọn, 96 ló tà á láti san gbèsè, bí o ṣe fẹ́ ṣe yìí gan-an. Bí a bá pín owó tí wọ́n gbà dọ́gba, ó jẹ́ 1,070 dọ́là fún ẹnì kan. Nígbà tí wọ́n fi bi wọ́n léèrè, tó ti tó nǹkan bí ọdún mẹ́fà lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ, owó tó ń wọlé fún ìdílé wọn ti fi ìdá kan nínú mẹ́ta dín kù. Nínú ọgọ́rùn-ún, 86 ló ní ara àwọn ti bàjẹ́ sí i. Mẹ́ta nínú mẹ́rin wọn ló ṣì wà nínú gbèsè. Jọ̀ọ́, tún èyí kà fún ara rẹ: wọ́n ta kíndìnrín, gbèsè kò tán. Iṣẹ́ agbára sì ni tìrẹ náà. Kò sí ẹni tó máa gun ọ̀kadà lórí títì Ìkẹ́nẹ́ sí Ṣágámù lọ́sẹ̀ díẹ̀ lẹ́yìn tí wọ́n la ìhà rẹ̀.

Wọ́n lè sọ fún ọ pé ìlú kan wà láyé tó fàyè gbà á. Òótọ́ ni, Ìráànì ni, òun nìkan sì ni. Ìjọba ló ń ṣètò rẹ̀ níbẹ̀, kì í ṣe alárinà pẹ̀lú ìwé èké. Tálákà náà ló sì pọ̀ jù nínú àwọn tó ń tà níbẹ̀.

Àwọn baba wa mọ bí gbèsè ṣe ń wọ inú ara. Ìwọ̀fà ni wọ́n ń pe ẹni tó ń lọ fi iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ san èlé owó tí ìdílé rẹ̀ yá. Ìyà ńlá ni, inú mi kò dùn pé ilẹ̀ Yorùbá ṣe é rí. Síbẹ̀, ọjọ́ tí wọ́n bá kó owó olówó sílẹ̀, ìwọ̀fà á kó ẹrù rẹ̀, á padà sílé, ara rẹ̀ á sì pé. Ohun tí oníbàárà rẹ gbé wá yìí burú ju ìwọ̀fà lọ.

Ọ̀rọ̀ tó sọ pé "ẹyọ kan ti tó" wá ńkọ́? Òótọ́ wà nínú rẹ̀, ìyẹn ló jẹ́ kó léwu. Ọ̀pọ̀ ènìyàn tó fi kíndìnrín kan tọrẹ ló ń gbé ayé wọn ní àlàáfíà. Ní Amẹ́ríkà, níbi tí àwọn dókítà ti ń fara balẹ̀ yan ẹni tó lè ṣe é, nínú 10,000 ènìyàn tó ṣe é láti ọdún 1994 sí 2009, nǹkan bí 3 ló kú láàárín 90 ọjọ́. Kò pọ̀. Ṣùgbọ́n àwọn tó yè náà ní láti máa yẹ ẹ̀jẹ̀ ríru àti ìtọ̀ wọn wò títí ayé. Ta ni yóò máa san ìyẹn fún ọ? Bí ẹyọ kan tó kù bá ṣàìsàn lọ́dún mẹ́wàá sí i, ta lo máa pè? Nọ́ńbà ọkùnrin yẹn kò ní lọ mọ́.

Ohun kan tún wà tó kan àwa Yorùbá ju ọ̀pọ̀ ènìyàn lọ, n kò sì rò pé ẹni tó fẹ́ ra kíndìnrín yóò sọ ọ́ fún ọ láé. Lọ́dún 2010, àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ṣàwárí pé jíìnì kan tó ń jẹ́ APOL1 ní oríṣi méjì kan tó ń báni bá kòkòrò àìsàn oorun jà, àìsàn tí eṣinṣin tsetse ń gbé kiri. Ní apá ilẹ̀ Áfíríkà tiwa yìí, ààbò ló jẹ́ fún àwọn baba ńlá wa, ìdí nìyẹn tó fi pọ̀ lára wa. Àmọ́ ẹni tó bá jogún rẹ̀ látọ̀dọ̀ bàbá tó tún jogún rẹ̀ látọ̀dọ̀ ìyá, ewu àrùn kíndìnrín rẹ̀ ga ju ti ẹlòmíràn lọ. Nínú ọgọ́rùn-ún ẹ̀dà jíìnì yìí tí wọ́n yẹ̀ wò lára àwọn Yorùbá, nǹkan bí 38 ló jẹ́ oríṣi tí wọ́n ń pè ní G1. Wọn kò rí i lára àwọn òyìnbó Yúróòpù. Púpọ̀ nínú àwọn tó ní méjèèjì kì í ṣàìsàn rárá, nítorí náà má jẹ́ kí ẹ̀rù bà ọ́ lórí èyí nìkan. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá yọ kíndìnrín kan lára irú ẹni bẹ́ẹ̀, wọ́n ti rí i lára àwọn aláwọ̀ dúdú tó fi kíndìnrín tọrẹ ní Amẹ́ríkà pé agbára èyí tó kù máa ń tètè lọ sílẹ̀. Wọ́n gba ẹ̀jẹ̀ rẹ. Ṣé wọ́n fún ọ ní èsì rẹ̀? Ó dá mi lójú pé ohun tí wọ́n ń wá nínú ẹ̀jẹ̀ yẹn ni bóyá kíndìnrín rẹ bá ara ọmọ wọn mu. Bóyá ìwọ lè pàdánù rẹ̀ láìkú, kò sí ẹni tó wò ó.

Ẹ̀jẹ̀ àwọn wo ni wọ́n fi mọ iye 38 tí mo sọ yìí? Ẹ̀jẹ̀ àwọn ará Ìbàdàn ni. Nínú iṣẹ́ ńlá kan tó bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 2002, tí wọ́n ń pè ní HapMap, 90 ènìyàn láti ìdílé 30 ní Ìbàdàn, bàbá, ìyá àti ọmọ wọn tó ti dàgbà, fi ẹ̀jẹ̀ wọn sílẹ̀ kí ayé lè mọ bí jíìnì ènìyàn ṣe rí. Ọ̀jọ̀gbọ́n Charles Rotimi, ọmọ Nàìjíríà, wà lára àwọn tó darí apá ti Ìbàdàn. Wọ́n kọ́kọ́ bá àwọn ará àdúgbò sọ̀rọ̀, wọ́n ṣàlàyé, wọ́n dáhùn ìbéèrè, ẹni tó bá fẹ́ gbà, ẹni tí kò bá fẹ́ kọ̀. Wọn kò kọ orúkọ ẹnikẹ́ni mọ́ ẹ̀jẹ̀ rẹ̀. Sẹ́ẹ̀lì tí wọ́n mú jáde nínú ẹ̀jẹ̀ wọn ṣì wà ní ilé ìpamọ́ Coriell ní New Jersey, àwọn onímọ̀ káàkiri ayé ń lò ó títí di òní. Mo máa ń yangàn lórí àwọn 90 yẹn.

Kì í ṣe gbogbo ibi ni wọ́n ti fi irú ọ̀wọ̀ bẹ́ẹ̀ wọni. Ní ìlú Baltimore lọ́dún 1951, wọ́n mú ẹran ara Henrietta Lacks, obìnrin aláwọ̀ dúdú tí jẹjẹrẹ ń bá jà, láìsọ fún un. Sẹ́ẹ̀lì rẹ̀ di ohun èlò ní gbogbo àgbáyé, ọdún 2023 ni ilé iṣẹ́ Thermo Fisher, èyí tó ń fi í ṣòwò, tó bá àwọn ọmọ àti ọmọ-ọmọ rẹ̀ yanjú ẹjọ́. Ní California, wọ́n yọ ọlọ inú John Moore, dókítà rẹ̀ sì fi sẹ́ẹ̀lì ọlọ náà gba ìwé ẹ̀tọ́ ìṣẹ̀dá láìjẹ́ kó mọ̀. Lọ́dún 1990, ilé ẹjọ́ tó ga jù níbẹ̀ sọ pé Moore kò lè pe sẹ́ẹ̀lì tó ti kúrò lára rẹ̀ ní dúkìá òun, àmọ́ ó lè pe dókítà náà lẹ́jọ́ nítorí pé kò sọ fún un kó tó gbà á. Ìdájọ́ yẹn kò tẹ́ mi lọ́rùn tán. Bí ẹni tí wọ́n gé kò bá lè jèrè, kí ló dé tí ẹni tó gé e fi lè jèrè? Síbẹ̀, ibi tí gbogbo ẹjọ́ wọ̀nyí ti pàdé ni pé wọ́n gbọ́dọ̀ sọ òótọ́ fúnni kí wọ́n tó fọwọ́ kan ara ẹni. Ìwọ, irọ́ ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀ tìrẹ, wọ́n tilẹ̀ fẹ́ kí ìwọ fúnra rẹ fọwọ́ sí irọ́ náà.

Bá mi kí ìyá bàbá rẹ. Mo mọ ibi tí ọ̀rọ̀ wọn ti wá. Àwọn àgbà wa rí ọmọ tó wáyé pẹ̀lú àpá, wọ́n sì rántí àbíkú tí wọ́n ti sàmì sí lára ṣáájú rẹ̀. Èmi kò gbà pé Ẹlẹ́dàá yóò fìyà jẹ ẹni tó fi ẹ̀yà ara rẹ̀ gba ọmọ ìyá rẹ̀ là. Ṣùgbọ́n ohun tí ìyá àgbà ń sọ lábẹ́ ọ̀rọ̀ yẹn ni pé ara rẹ kì í ṣe ohun tí a ń fi ṣeré, wọ́n sì tọ̀nà. Má ṣe bá wọn jiyàn.

Nítorí àwọn òǹkàwé yòókù, kí n fi èyí kún un. Bí aláìsàn bá wà nínú ìdílé yín tẹ́ ẹ sì fẹ́ fi kíndìnrín tọrẹ fún un ní tòótọ́, ọ̀nà wà. Láti ọdún 2000, nígbà tí ilé ìwòsàn St. Nicholas l'Ékòó ṣe ti àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà, ni wọ́n ti ń pààrọ̀ kíndìnrín nílẹ̀ wa. Ẹ jẹ́ kí dókítà tí kì í ṣe ti aláìsàn bá ẹni tó fẹ́ fúnni sọ̀rọ̀ lóun nìkan, ẹ béèrè àyẹ̀wò APOL1, kí ẹni náà sì mọ̀ pé òun lè yí ọkàn padà títí di àárọ̀ ọjọ́ iṣẹ́ abẹ. Àwọn tó ń fọ ẹ̀jẹ̀, ìjọba àpapọ̀ kéde ní 2025 pé owó rẹ̀ ti wálẹ̀ láti 50,000 náírà sí 12,000 lẹ́ẹ̀kan ní àwọn ilé ìwòsàn ìjọba àpapọ̀ kan. Èyí tó wà l'Ábẹ́òkúta àti UCH n'Íbàdàn wà lára wọn. Ẹni tó bá sì fẹ́ fi ara rẹ̀ tọrẹ lẹ́yìn ikú, òfin ọdún 2014 gbà á láyè láti kọ ọ́ sínú ìwé ìhágún, tàbí kó sọ ọ́ lẹ́nu níwájú ẹlẹ́rìí méjì.

Ó ku owó tó o gbà àti gbèsè ìyá rẹ. Àdéhùn lórí ohun tí òfin kọ̀ kì í ṣe àdéhùn. Kò sí ilé ẹjọ́ ní Nàìjíríà tó lè pàṣẹ pé kó o lọ gbé ìhà rẹ sílẹ̀ nítorí pé o gba 50,000 náírà. Bí wọ́n bá fi ọlọ́pàá halẹ̀ mọ́ ọ, irọ́ ni; àwọn ni wọ́n ń sá fún ọlọ́pàá. Má dá pàdé ọkùnrin náà níbikíbi láti dá owó padà fún un. Àjọ NAPTIP, tó ń gbógun ti fífi ènìyàn ṣòwò, ni kó o kó ọ̀rọ̀ náà lọ bá. Lọ kí wọ́n tó yọ ohunkóhun lára rẹ, nígbà tí o ṣì jẹ́ ẹni tí wọ́n fẹ́ tàn jẹ, tí kò sí ẹni tó lè pè ọ́ ní ẹni tó tà.

Ní ti ìyá rẹ, gbèsè kì í ṣe ìwà ọ̀daràn. Òfin Ọlọ́pàá ti ọdún 2020 sọ ọ́ kedere pé ọlọ́pàá kò gbọdọ̀ mú ènìyàn nítorí àdéhùn owó lásán. Àwọn agbowó tó ń pariwo orúkọ ìyá rẹ kò láṣẹ láti ṣe bẹ́ẹ̀, amòfin sì lè kọ̀wé sí ilé iṣẹ́ tó yá wọn lówó pé kí wọ́n dẹ́kun rẹ̀, kí wọ́n sì tún ọjọ́ tí wọ́n máa san án dá. Mo ti rí i tí wọ́n gbà bẹ́ẹ̀, nítorí ẹni tó ń san díẹ̀díẹ̀ sàn fún wọn ju ẹni tó sá lọ. Ẹ tún béèrè lọ́wọ́ ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ní ọjà yín, èlé tiwọn kì í ga tó ti gbómúlé-lántà. Bí owó amòfin kò bá sí, ọ́fíìsì Legal Aid Council wà l'Ábẹ́òkúta, wọ́n ń gba ẹjọ́ àwọn tí kò lágbára láìgba owó.

Lọ síbẹ̀ lọ́sẹ̀ yìí. Má pa àtẹ̀jíṣẹ́ kankan rẹ́ lórí fóònù rẹ, mú ìwé owó ìyá rẹ dání, kí ẹ̀yin méjèèjì sì jọ lọ.